"Òǹkọ̀eré" kẹ̀? Níbo lohùn ìsàlẹ̀ yẹn ti wá?

Ẹ̀yin ará, ẹ kú iṣẹ́ èdè.

Mo ka ohun tí àbúrò wa kan fi síbí lánàá nípa Krzysztof Piesiewicz, agbẹjọ́rò ará Pólándì tó bá olùdarí fíìmù, Krzysztof Kieślowski, gbé ìtàn fíìmù kalẹ̀. Ó gbìyànjú. Ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀mẹrin ló pe ọkùnrin náà ní "òǹkọ̀eré", ìyẹn ẹni tó ń kọ ìtàn fíìmù, ẹ̀ẹ̀mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló há mi lọ́fun bí eegun ẹja.

Ohùn ìsàlẹ̀ tó wà lórí "kọ̀" nínú "òǹkọ̀wé", ti "ìwé" ni. "Ì" bọ́ sọnù, ó fi ohùn rẹ̀ ṣe ogún fún "kọ". "Eré" wá ńkọ́? Ohùn àárín ló fi bẹ̀rẹ̀, ogún wo ló fẹ́ fi sílẹ̀? Ẹni tó ń kọ orin, òǹkọrin ni, kì í ṣe "òǹkọ̀rin". Ká ní tíṣà tó kọ́ mi ní Yorùbá ṣì wà láyé, pàṣán ni ì bá fi ṣàlàyé rẹ̀.

Ẹnì kan ti fi "òṣèré" ko mí lójú ní kọ̀rọ̀: "ṣe" àti "eré", kí ló gbé ohùn ìsàlẹ̀ débẹ̀? Mo gbọ́. N kò tíì ní ìdáhùn, n kò sì gbà.

"Kọ" gan-an tilẹ̀ ni ẹjọ́ mi. Ní 1982 ni Piesiewicz àti Kieślowski pàdé, lábẹ́ òfin ológun. Kieślowski fẹ́ ya fíìmù nípa ẹjọ́ àwọn tí ìjọba ń fẹ́ sọ sẹ́wọ̀n nítorí òṣèlú. Kámẹ́rà bá wọlé báyìí, adájọ́ kò ní fẹ́ kó ká òun mọ́ ibi tó ti ń rán èèyàn lẹ́wọ̀n. Làwọn agbẹjọ́rò bá ń bẹ̀ ẹ́ pé kó ṣáà gbé kámẹ́rà wá, kódà kó má ya nǹkan kan! Ibẹ̀ ni fíìmù wọn, Bez końca, ti jáde ní 1985. Piesiewicz ló tún dá a lábàá pé kí wọ́n fi Òfin Mẹ́wàá ṣe fíìmù. Ó di Dekalog, mẹ́wàá gbáko. Kieślowski fúnra rẹ̀ ló ní ọ̀rẹ́ òun kò mọ̀ ọ́n kọ, àmọ́ ó mọ̀ ọ́n sọ, ó sì mọ̀ ọ́n rò. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n jọ jókòó sọ ló gbé wọn dé àárín àwọn tó ń du Oscar ní 1995, nítorí Three Colours: Red.

Ẹni tí wọ́n ní kò mọ̀ ọ́n kọ, ẹ wá ní òǹ-kọ̀!

"Asọ̀tàn fíìmù" ni tèmi. Ohùn ìsàlẹ̀ ibẹ̀ mọ bàbá rẹ̀: "ìtàn" ló ni ín. Ẹ̀gbọ́n tó ní "asọ̀tàn" ti wà fún ohùn tó ń sọ̀rọ̀ lábẹ́ àwòrán, ẹ̀yin lẹ fi í síbẹ̀, wọn ò bí i síbẹ̀.

Ẹ bá mi sọ fún àbúrò wa pẹ̀lú pé nígbà tí Piesiewicz wọ ilé aṣòfin àgbà ní 1991, sẹ́nétọ̀ ló dà. "Aṣojú-ìgbìmọ̀-aṣòfin-àgbà" tó kọ yẹn, kí ó tó pè é tán, sáà ọkùnrin náà á ti parí.