Àbọ̀ lórí rísífà tí ohùn rẹ̀ ń já: ó ti yanjú

Mo wá jẹ́ àbọ̀ fún gbogbo ẹ̀yin tí ẹ dá sí ọ̀rọ̀ rísífà sinimá ilé mi (ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn lọ sí àwọn sípíkà), èyí tí ohùn tẹlifíṣọ̀n máa ń já lórí rẹ̀ bí mo bá fi okùn HDMI so ó mọ́ ojú ihò ARC (èyí tó ń gbé ohùn tẹlifíṣọ̀n padà wá sínú rísífà). Firmware tuntun (ìyẹn sọ́fíwíà tó ń darí rísífà náà fúnra rẹ̀) ló yanjú rẹ̀. Íntánẹ́ẹ̀tì ilé wa kò dúró sójú kan, nítorí náà mo gba fáìlì náà sórí kọ̀ǹpútà, mo tú u kúrò nínú zip, mo sì gbé e sórí fúláàṣì tí mo ti fọ́máàtì sí FAT32 (ọ̀nà kan tí a ń gbà to fáìlì sórí fúláàṣì), láìfi sínú fódà kankan, torí pé rísífà tèmi kì í wo inú fódà. Orí inverter ni mo ti ṣe é, nítorí bí iná bá lọ lẹ́nu iṣẹ́ náà, ẹ̀rọ lè kú pátápátá. Ojú rẹ̀ ṣókùnkùn fún ìgbà díẹ̀ (àyà mi já o!) kí ó tó tan padà. Ó pa gbogbo ètò ohùn rẹ́, mo sì tún un tò. Ẹni tó ní kí n yẹ HDMI-CEC (ètò tó ń jẹ́ kí àwọn ẹ̀rọ tí okùn HDMI so pọ̀ máa darí ara wọn) wò lẹ́yìn náà ṣeun gidigidi: ó wà ní pípa lóòótọ́, ARC kò sì ṣiṣẹ́ àfi ìgbà tí mo tan án. Ohùn kò já mọ́.