Búrẹ́dì mi ń rì tó bá ti kúrò nínú ààrò, ó sì ń bu lọ́jọ́ kejì

Oníkéèkì Ọbáńtokò:
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọ̀gá. Kéèkì àti míìtì-páì ni mo ń ṣe tà, mo wá fẹ́ fi búrẹ́dì kún un torí àwọn oníbàárà ń béèrè. Ìyẹ̀fun kílò márùn-ún ni mo fi ń dán an wò, ife ni mo sì fi ń wọn gbogbo nǹkan. Búrẹ́dì á wú, àwọ̀ á pọ́n dáadáa, àmọ́ tó bá ti jáde nínú ààrò, orí á rì, ẹ̀gbẹ́ á tẹ̀ wọnú. Èyí tí kò rì náà, ó ń bu nínú ọ̀rá lọ́jọ́ kejì. Yíìsì ò ní nǹkan kan, mo ti dán an wò nínú omi lílọ́wọ́ọ́wọ́. Ṣé kí n ra èròjà tó ń mú búrẹ́dì lágbára ni? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

Alààrò Lafẹ́nwá:
Ẹ kú ìgbìyànjú, àǹtí. Ife yẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ gbé sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ìyẹ̀fun tí ẹ bù fẹ́rẹ́ àti èyí tí ẹ kì mọ́ ife ò wúwo bákan náà, torí náà búrẹ́dì àná àti tòní ò lè jọra láé. Ẹ ra òṣùwọ̀n tó ń ka gíráàmù. Fún ìyẹ̀fun kílò 5: omi kílò 2.7, ṣúgà gíráàmù 500, bọ́tà 250, iyọ̀ 75, yíìsì gbígbẹ 50. Àpapọ̀ rẹ̀ á sún mọ́ kílò 8.6. Tí ẹ bá ń gé e ní gíráàmù 500, 16 ló máa jáde kedere, torí ara àwo àti ọwọ́ máa gba tiwọn.

Ìyẹ̀fun tí ẹ fi ń ṣe kéèkì ńkọ́? Tó bá jẹ́ òun náà lẹ ń lò, kò lè gbé búrẹ́dì dúró. Àpò tí wọ́n kọ búrẹ́dì sí lára ni kí ẹ rà.

Ẹ̀gbẹ́ tó ń tẹ̀ wọnú yẹn, inú ni kò jinná. Ṣúgà máa ń mú kí ara pọ́n kí inú tó jinná, ojú á wá tan yín jẹ. Ẹ dín iná kù sí nǹkan bí 190°C, kí ó pẹ́ díẹ̀ sí i nínú ààrò. Bí ẹ bá ní ohun tí wọ́n fi ń wọn ooru, ẹ tì í bọ àárín búrẹ́dì náà: 94°C ló dáa. Kí ẹ sì yọ ọ́ kúrò nínú páànù láàárín ìṣẹ́jú márùn-ún, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ooru rẹ̀ á di omi sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́.

Bàbá Míkísà, Àsẹ̀rò:
Òótọ́ ni ọ̀gá sọ. Mo fẹ́ fi ọ̀rọ̀ ooru kún un, torí òun gan-an ló ń bá wa fà á ní Abẹ́òkúta. Nígbà tí míkísà bá dúró, ìyẹ̀fun tí ẹ po yẹ kó wà ní nǹkan bí 27°C. Kí ẹ lè mọ bó ṣe yẹ kí omi tutù tó, ẹ sọ 27 di ìlọ́po mẹ́ta, ó di 81. Ẹ yọ ooru yàrá, ẹ yọ ti ìyẹ̀fun, ẹ yọ èyí tí míkísà máa dá sí i. Ká ní yàrá jẹ́ 32, ìyẹ̀fun 31, ti míkísà 14: ohun tó kù ni 4. Omi 4°C nìyẹn, omi oníyìnyín. Omi inú táǹkì lọ́sàn-án oṣù Ẹrẹ́nà ò jọ ọ́ rárá.

Tó bá gbóná jù, yíìsì á sáré, búrẹ́dì á wú kọjá agbára rẹ̀, ó sì di dandan kó rì. Ẹ má gbára lé aago. Ẹ fi ìka tó ní ìyẹ̀fun díẹ̀ tẹ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Bí ojú ibẹ̀ bá yára padà, kò tíì tó. Bó bá rọra padà tó ku àpá díẹ̀, ẹ gbé e wọ ààrò kíá. Bí kò bá padà mọ́, ó ti kọjá, ẹ fọ́ ọ, kí ẹ tún un ká.

Ìyá Oníbúrẹ́dì, Adátán:
Ọmọ mi, ti bíbu yẹn, ẹ ya oríṣi méjì sọ́tọ̀. Tó bá jẹ́ funfun bí òwú tàbí aláwọ̀ ewé lára, lẹ́yìn tó jáde nínú ààrò ló kó o, torí iná ń pa irú rẹ̀. Ẹ wo ọ̀bẹ, tábìlì, aṣọ ìnu-nǹkan. Ẹ sì jẹ́ kó tutù délẹ̀délẹ̀, wákàtí méjì sí mẹ́ta, kó tó wọ ọ̀rá. Bí ẹ bá rí omi tó ń làágùn nínú ọ̀rá, ẹ ti yára. Calcium propionate, èròjà tí kì í jẹ́ kí búrẹ́dì tètè bu, gíráàmù 15 sí ìyẹ̀fun kílò 5 á ràn yín lọ́wọ́, àmọ́ bó bá pọ̀ jù, yíìsì á lọ́ra.

Tó bá jẹ́ pé inú rẹ̀ ń fà yọ̀ọ̀ bí ilá, tó ń rùn bí ọ̀pẹ̀ òyìnbó tó ti rà, ìyẹn le. Kòkòrò tí ojú ò lè rí nínú ìyẹ̀fun ni, ààrò ò sì pa á tán. Ẹ kó ìyẹ̀fun yẹn kúrò, kí ẹ fi fínígà fọ gbogbo ibi iṣẹ́. Ẹ má po búrẹ́dì tó padà látọjà mọ́ tuntun o, ibẹ̀ ló ti ń ràn.

Olùṣirò Pàńṣẹ́kẹ́:
Kí ẹ tó dá iye lé e, ẹ ka epo dísẹ́ẹ̀lì, ọ̀rá, ọkọ̀, èrè àwọn tó ń gbé e kiri, àti búrẹ́dì tó máa padà. Ìyẹ̀fun nìkan kọ́. Nọ́ńbà NAFDAC náà ni kó wà nílẹ̀ kó tó dé ṣọ́ọ̀bù.

Alààrò Lafẹ́nwá:
Èròjà tí àǹtí béèrè: ẹ má fọwọ́ kan potassium bromate, bó ti wù kí wọ́n yìn ín tó. Ó lè fa jẹjẹrẹ, NAFDAC sì ti fòfin dè é láti 2003. Ascorbic acid, ìyẹn fítámì C, ni kí ẹ lò. Gíráàmù 0.25 péré ni kílò 5 nílò, òṣùwọ̀n yín ò ní rí i kà. Ẹ po gíráàmù 5 sínú omi líta kan, kí ẹ wọn mílílítà 50 nínú rẹ̀. Ọjọ́ náà ni kí ẹ lò ó, kò ṣeé tọ́jú.

Oníkéèkì Ọbáńtokò:
Ẹ ṣeun púpọ̀, ẹ̀yin ọ̀gá, Ọlọ́run á bù kún iṣẹ́ yín. Ṣé fítámì C olómi ọsàn tí wọ́n ń tà ní kẹ́míìsì ò lè ṣe é?

Alààrò Lafẹ́nwá:
Rárá o. Ṣúgà àti àwọ̀ wà nínú ìyẹn. Ògidì rẹ̀, èyí tó jẹ́ lẹ́búlẹ́bú funfun, ni kí ẹ béèrè lọ́wọ́ àwọn tó ń ta èròjà búrẹ́dì. Kí ẹ sì yọ mílílítà 50 yẹn kúrò lára omi kílò 2.7, kó má baà rọ̀ jù.