Góòlù Yekini rọ̀ bí òjò ní Setúbal: kí ló dé tó fi dá ní Gíríìsì?

Alabi_No9 béèrè:

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ bọ́ọ̀lù. Ọ̀rọ̀ Rashidi Yekini, atamátàsé Nàìjíríà ìgbà kan, ni mo gbé wá. Ní sáà 1993/94, góòlù 21 ló jẹ fún Vitória Setúbal ní líìgì àgbà ilẹ̀ Potogí, kò sẹ́ni tó jẹ tó bẹ́ẹ̀ níbẹ̀ lọ́dún náà. Lẹ́yìn Ife Àgbáyé ló lọ sí Olympiacos ní Gíríìsì, góòlù bá dá. Ó tún sún dé Sporting Gijón ní Sípéènì, ibẹ̀ náà ò lójú. Ṣé ọjọ́ orí ni, àbí ẹsẹ̀, àbí nǹkan míì?

Ìkejì: tẹ́ ẹ bá fẹ́ kọ́ ọmọ ọdún 15 sí 17 tó ń gbá nọ́ńbà 9 (atamátàsé àárín) ní ohun tí Yekini mọ̀ ọ́n ṣe, ìdánrawò wo lẹ máa fún un? Ìdajì pápá ló wà, bọ́ọ̀lù 10, kóònù mélòó kan. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kàn ní kó "máa tiraka".

Omo_Adamasingba:

Tẹ́ ẹ bá bẹ̀rẹ̀ ìtàn ẹ̀ láti Setúbal, ẹ ó ṣì í kà. Kàdúná ni wọ́n ti bí i ní 1963, UNTL, kíláàbù ilé iṣẹ́ aṣọ tó wà níbẹ̀, ló kọ́kọ́ gbá fún. Ó wá sí 3SC (Shooting Stars) n'Ìbàdàn, ó kọjá sí Abiola Babes l'Abẹ́òkúta, ó dé Africa Sports l'Abidjan, kó tó wọ Setúbal ní 1990. Ó ti ń sún mọ́ ọmọ ọdún 27 nígbà náà. Sáà tó débẹ̀ gan-an ni kíláàbù náà já sí líìgì kejì. Kò sá lọ. Ibẹ̀ ló ti jẹ góòlù 34 ní 1992/93 tí wọ́n fi padà sókè.

Nítorí náà, góòlù 21 yẹn kì í ṣe èso ọdún kan. Sáà kẹrin tó ti ń gbá ní pápá kan náà ni. Ẹni tó ń gbé bọ́ọ̀lù wá látẹ̀gbẹ́ ti mọ ibi tó máa yọ sí kó tó gbójú sókè. Olympiacos ò ní irú ẹ̀ fún un. Àjọṣe òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ níbẹ̀ ò gún, kò sì pẹ́ tó fi kúrò. Nígbà tó fi máa dé Gijón, ìfarapa náà ti dá kún un.

Ọjọ́ orí ńkọ́? Mi ò gbà. Ní sáà 1997/98, tó ti pé ọmọ ọdún 34, góòlù 14 ló jẹ fún FC Zürich. Ṣé ẹsẹ̀ tó kú ní Gíríìsì ló wá jí ní Swítsáláńdì?

OpoKeji:

Ọ̀gá ti sọ ọ́. Ẹ jẹ́ ká wo góòlù kan ṣoṣo, èyí tó jẹ Bulgaria ní Dallas, June 21, 1994, góòlù àkọ́kọ́ tí Nàìjíríà jẹ nínú Ife Àgbáyé. Gbogbo èèyàn ló rántí bó ṣe ki ọwọ́ méjèèjì bọ inú àwọ̀n tó ń sunkún. Ẹ fi ẹkún sílẹ̀, ẹ wo ẹsẹ̀. Finidi George, ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ tó ń gbá wíńgì, ló gbá bọ́ọ̀lù nílẹ̀ láti apá ọ̀tún, ó gba iwájú ilé kọjá. Yekini ò ṣe ju kó fẹsẹ̀ tì í wọlé. Kò sí àrà kankan níbẹ̀. Iṣẹ́ ti parí kí bọ́ọ̀lù tó dé ọ̀dọ̀ ẹ̀, torí ó ti dé ibi tó yẹ lásìkò tó yẹ.

Adènà ò lè wo ohun méjì lẹ́ẹ̀kan náà. Tí bọ́ọ̀lù bá wà ní wíńgì ọ̀tún, ojú ẹ̀ ti kọ sí ọ̀tún nìyẹn, atamátàsé tó bá dúró lẹ́yìn èjìká ẹ̀ lápá òsì ti di ẹni àìrí. Ẹ má rò pé kò mọ̀ ju títì bọ́ọ̀lù wọlé lọ o. Ó ga, ó lágbára, ẹsẹ̀ ọ̀tún ẹ̀ máa ń já bọ́ọ̀lù bí ẹni la igi. Ṣùgbọ́n agbára yẹn, ara ló fún un. Èyí tí a lè kọ́ ọmọ ni ibi tó ń dúró sí.

Tẹ́ ẹ sì fẹ́ ẹ̀rí pé ẹni tó ń gbé bọ́ọ̀lù wá ló ṣe kókó: ọdún 1994 kan náà ló jẹ góòlù 5 ní ife ilẹ̀ Áfíríkà ní Tùnísíà, tó gba ipò kìíní nínú àwọn tó jẹ góòlù. Finidi wà lápá ọ̀tún níbẹ̀ náà.

Coach_Ewekoro:

Ìbéèrè kejì ni mo fẹ́ dá sí. Ẹ fi kóònù kan sí etí 18 (ìlà bọ́ọ̀kìsì ńlá iwájú ilé), kó ṣe déédéé pẹ̀lú òpó tó jìnnà sí wíńgì. Ibẹ̀ ni nọ́ńbà 9 ti máa bẹ̀rẹ̀. Ẹ fi kóònù kejì sí iwájú ẹ̀ ní bíi mítà 2, kó máa ṣe adènà (tí èèyàn bá wà, èèyàn ló dáa jù). Ẹni tó ń gbá wíńgì á wà ní bíi mítà 20 sí ìlà ẹ̀yìn pẹ̀lú bọ́ọ̀lù mẹ́wẹ̀ẹ̀wá. Á fẹsẹ̀ kan bọ́ọ̀lù lẹ́ẹ̀mejì tàbí ẹ̀ẹ̀mẹta, á sì gbá a nílẹ̀ gba àárín aṣọ́lé àti adènà kọjá.

Nọ́ńbà 9 ò gbọdọ̀ sáré lójú ẹsẹ̀. Kó kọ́kọ́ rọra sún ìṣísẹ̀ méjì kúrò lọ́dọ̀ bọ́ọ̀lù, kó bọ́ sẹ́yìn kóònù adènà. Orí ẹni tó wà ní wíńgì ni kó máa wò. Bó bá ti tẹrí ba, tí ẹsẹ̀ tó fẹ́ fi gbá a lọ sẹ́yìn, ìgbà yẹn gan-an ni kó tú eré sílẹ̀ lọ sínú bọ́ọ̀kìsì kékeré, ìyẹn mítà 5.5 sí ojú ilé. Kí òun àti bọ́ọ̀lù jọ débẹ̀ ni. Inú ẹsẹ̀ ni kó fi gbá a, kó mú ọrùn ẹsẹ̀ le, kó má gbé ẹsẹ̀ sẹ́yìn rárá. Bọ́ọ̀lù ti gbé eré tiẹ̀ wá.

Bọ́ọ̀lù 5, ìsinmi ìṣẹ́jú kan ààbọ̀, ẹ̀ẹ̀mẹrin láti ọ̀tún. Ẹ wá yí i sí òsì, kó tún jẹ́ ẹ̀ẹ̀mẹrin. Gbogbo ẹ̀ á jẹ́ 40. Ẹ̀ẹ̀mejì lọ́sẹ̀ ti tó. Bí ọmọ bá ní ìsàlẹ̀ orúnkún ń dun òun, ẹ dá a dúró lọ́jọ́ náà. Eegun tó ṣì ń dàgbà ò fẹ́ eré àsápajúdé lójoojúmọ́.

Ibi tí wọ́n ti máa ń ṣì í ṣe: wọ́n á tètè dé. Ẹni tó bá tètè dé á dúró, adènà á rí i, bọ́ọ̀lù á sì gba ẹ̀yìn ẹ̀ kọjá. Èyí ló pọ̀ jù. Àwọn kan á fì sẹ́yìn nígbà tí wọ́n ń gbá a, bọ́ọ̀lù á fò lé òpó òkè. Ẹ ní kí àyà wọn wà lórí bọ́ọ̀lù. Ti ọ́fúsáìdì sì rèé: ìgbà tí wọ́n gbá bọ́ọ̀lù sí ọ ni wọ́n ń wò. Tó o bá wà lẹ́yìn bọ́ọ̀lù nígbà yẹn, kò sí rẹfirí tó lè fọn fèrè sí ọ, kódà bí aṣọ́lé nìkan ló kù níwájú.

Alabi_No9:

Ẹ ṣeun gan-an ni, ẹ̀gbọ́n. Tí kò bá wá sí ẹni tó lè gbá bọ́ọ̀lù dáadáa láti wíńgì ńkọ́? Ibi tí mò ń wí yìí, nínú bọ́ọ̀lù mẹ́wàá, mẹ́ta ló ń dé.

Coach_Ewekoro:

Ẹ jẹ́ kó sún mọ́lé. Kó wá sí etí 18 lápá ọ̀tún, kó fi inú ẹsẹ̀ gbá a. Tí ìyẹn náà ò bá dé, kó fọwọ́ yí bọ́ọ̀lù nílẹ̀ kó le dáadáa. Nọ́ńbà 9 ò nílò bọ́ọ̀lù tó lẹ́wà, àsìkò eré ló ń kọ́. Kó máa wo ọwọ́ nígbà náà dípò ẹsẹ̀.

Omo_Adamasingba:

Ọ̀rọ̀ kékeré kan kí n tó lọ, torí ọmọ ọdún 16 la ń sọ. Bí ẹnì kan bá ní òun fẹ́ mú un lọ gbá bọ́ọ̀lù fún kíláàbù kan ní Yúróòpù báyìí, ẹ rántí pé òfin FIFA ò fàyè gba kí ọmọ tí kò tíì pé 18 kúrò ní orílẹ̀-èdè kan lọ kíláàbù òkèèrè, àfi àwọn ọ̀nà ìyọ̀ǹda díẹ̀. Kí kíláàbù tó ń kọ́ ọ náà fi orúkọ ẹ̀ sílẹ̀ dáadáa, kí wọ́n sì tọ́jú ìwé ẹ̀ láti ọdún 12. Tí wọ́n bá tà á fún kíláàbù òkèèrè lọ́jọ́ iwájú, ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún owó náà ni wọ́n máa ń pín fún àwọn tó kọ́ ọ láàárín ọdún 12 sí 23. Ẹni tí kò níwèé ò ní rí nǹkan kan gbà níbẹ̀.