Níbo ni ẹsẹ̀ ti yọ̀ yín rí?

Alárìnkiri: Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń fẹsẹ̀ rin inú igbó àti orí òkè, ẹ sọ tiyín. Igi ńlá kan ló wó dínà, èèpo rẹ̀ ti bó, òjò sì ṣẹ̀ṣẹ̀ pa á. Mo gùn ún. Kí n tó ṣẹ́jú, mo ti jókòó sínú ẹrẹ̀, kókósẹ̀ mi rọ́. Ìrìn wákàtí 2 di 5.

Kòbọ̀wẹ̀yìn: Kí ló gbé yín dórí igi? Dídá kọjá ńkọ́?

Alárìnkiri: Ó ga dé ìbàdí mi o!

Kòbọ̀wẹ̀yìn: Ẹ jókòó lé e nígbà náà, kẹ́ ẹ gbé ẹsẹ̀ kọ̀ọ̀kan kọjá.

Ìyá Olókè: Tèmi kì í ṣe igi. Ìgbà tí mò ń sọ̀ kalẹ̀ ni, ó ti rẹ̀ mí, mo sì ti ń rò pé ìrìn parí. Omi lítà 4 ni mo kì sókè báàgì. Mo bá yíjú wo ẹyẹ kan, báàgì sì yí mi tẹ̀ lé e. Mo bá yí lọ sí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ òkè náà. Láti ọjọ́ náà, ohun tó bá wúwo, àárín báàgì ló ń wà, kó lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn mi pẹ́kípẹ́kí. Tí mo bá sì fẹ́ wòran, mo máa ń dúró ná.

Ẹlẹ́sẹ̀kan: Àgbà ṣubú, ó wẹ̀yìn: báàgì ló rí 😂

Alátẹ̀lé: Ẹyẹ wo ni, mà?

Ìyá Olókè: Ṣé mo ráyè wò ó ni?

Ọlọ́pàá-Méjì: Ọ̀pá ìrìn tó ṣeé fà gùn ni gbogbo yín ò ní. Ẹ dín in kù bẹ́ ẹ bá ń gòkè, ẹ fà á gùn bẹ́ ẹ bá ń sọ̀ kalẹ̀.

Kòbọ̀wẹ̀yìn: Ọ̀pá kẹ̀? Tèmi há sáàárín òkúta, okùn rẹ̀ wà lọ́rùn ọwọ́ mi, díẹ̀ ló kù kí n dá lápá. Mo ti gé àwọn okùn náà dànù.

Ọlọ́pàá-Méjì: O gé e! Ṣebí bíbọ́ ni wọ́n ń bọ́ ọ lọ́wọ́ téèyàn bá dé àárín òkúta. Okùn yẹn ló ń gbé ara ró tó o bá ń gòkè, kí ọwọ́ má baà rẹ̀ ọ́.

Kòbọ̀wẹ̀yìn: Mo ti gé e náà nìyẹn.