Wunmi Mosaku: ṣé ìpadàsẹ́yìn ni kí olú òṣèré padà di amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́?

Àṣàkẹ́
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ sinimá àti tẹlifíṣàn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dáadáa. Mò ń to àwọn eré òṣèrébìnrin Wunmi Mosaku tẹ̀lé ara wọn, ibì kan ò sì yé mi. Ní 2010, òun ni olú ẹ̀dá ìtàn nínú I Am Slave lórí Channel 4. Ní 2011, ó di ọlọ́pàá tó ń tẹ̀lé Brenda Blethyn, tó ṣe Vera fúnra rẹ̀, kiri nínú eré ọlọ́pàá Vera. BAFTA, àjọ tó ń fi àmì-ẹ̀yẹ dá àwọn òṣèré lọ́lá nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, fún un ní àmì-ẹ̀yẹ amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ (òṣèré tó ń ti olú òṣèré lẹ́yìn) ní 2017, nígbà tó di 2021 wọ́n tún ka orúkọ rẹ̀ mọ́ àwọn olú òṣèrébìnrin. Ṣé ipò rẹ̀ ló ń lọ sókè-sódò ni? Àti pé, kí ni amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ ń ṣe gan-an tó tó àmì-ẹ̀yẹ?

Dàpọ̀_Salford
Àǹtí Àṣàkẹ́, kò padà sẹ́yìn rárá. Fíìmù kan ṣoṣo ni I Am Slave: wọ́n gbé e sáfẹ́fẹ́, ó tán. Apá mẹ́rin ni Vera ń ní ní sáà kọ̀ọ̀kan nígbà yẹn, apá kan sì ń lọ bíi wákàtí kan ààbọ̀ láìka ìpolówó. Sáà méjì, 2011 àti 2012, ni Mosaku fi ṣe ọlọ́pàá náà, Holly Lawson. Ẹni tí ojú rẹ̀ bá ń hàn léraléra làwọn tó ń yan òṣèré máa ń rántí.

Ní 2013, ó di ọ̀kan lára àwọn akọrin ẹgbẹ́ jáàsì nínú Dancing on the Edge lórí BBC. Ọdún mọ́kànlá ló ti fi kọrin nínú ẹgbẹ́ akọrin ọmọbìnrin ní Manchester kó tó lọ sí RADA, ilé-ẹ̀kọ́ eré ìtàgé ní London, tó jáde ní 2007. Ohun tí èèyàn kọ́ ní kékeré kì í ṣòfò nínú iṣẹ́ yìí. Ẹ tún wò ó: ní 2024, iléeṣẹ́ tẹlifíṣàn ITV kan náà tó gbé Vera jáde pè é padà wá ṣe ọlọ́pàá nínú Passenger, òun sì ni olú ẹ̀dá ìtàn lọ́tẹ̀ yìí.

Ìyá_Ìran
Ẹ jẹ́ n dáhùn ìkejì, torí ibẹ̀ ni iṣẹ́ wà.

Ìran kan náà ni wọ́n máa ń yà lọ́pọ̀ ìgbà: gbogbo yàrá lápapọ̀, lẹ́yìn náà láti èjìká ẹnì kan, kí wọ́n tó sún mọ́ ojú. Ojú olú òṣèré ni wọ́n sábà máa ń kọ́kọ́ yà, nígbà tí ara gbogbo èèyàn ṣì yá. Amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ á dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ kámẹ́rà níbi tí ẹnikẹ́ni ò ti ní rí i, á sì máa sọ ọ̀rọ̀ tirẹ̀ tọkàntọkàn kí ẹnì kejì lè rí nǹkan dá lóhùn. Ó lè di ìrọ̀lẹ́ kó tó kàn án. Bó bá ti sun ẹkún rẹ̀ tán láàárọ̀, kí ló kù?

Ọwọ́ ló tún ń ba nǹkan jẹ́. Bó bá gbé ife tíì nígbà tó ń sọ "bẹ́ẹ̀ ni" ní ìyàwòrán àkọ́kọ́, ibẹ̀ náà ló gbọ́dọ̀ ti gbé e ní ìkẹwàá. Bí kò bá dọ́gba, àwòrán méjèèjì ò ní lẹ̀ mọ́ra, ojú amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ ni olóòtú tó ń gé fíìmù á sì yọ, torí kò lè yọ ti olú òṣèré. Bẹ́ẹ̀ náà ni kí èèyàn gba ọ̀rọ̀ mọ́ ẹlòmíì lẹ́nu: ohùn méjì á dì mọ́ra, wọn ò sì ní í lè gé e.

Ọmọ_Peckham
Ìyá Ìran, ẹ ṣeun. Ní ti ìsọ̀rí àmì-ẹ̀yẹ, ìwọ̀n ẹ̀dá ìtàn ni wọ́n ń wò, kì í ṣe ìwọ̀n òṣèré. Nínú Damilola, Our Loved Boy (2016), tó gba àmì-ẹ̀yẹ 2017 yẹn fún, Mosaku ṣe Gloria, ìyá Dámilọ́lá Taylor, ọmọ ọdún 10 tí wọ́n fi àfọ́kù ìgò gún pa ní Peckham, ní London, ní oṣù kọkànlá ọdún 2000. Orí bàbá ni ìtàn dúró lé, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ka Babou Ceesay mọ́ olú òṣèré. Ìyáàfin Gloria ti di olóògbé láti 2008, nítorí náà kò sí bí òṣèré ṣe lè jókòó tì í bi í léèrè. Ti gbogbo wa ni ọ̀fọ̀ yẹn. Kò yẹ kí ẹnikẹ́ni fi ariwo ṣe é, Mosaku ò sì fi ariwo ṣe é. Nínú His House (2020) ẹ̀wẹ̀, tọkọtaya tó sá kúrò ní South Sudan ni òun àti Ṣọpẹ́ Dìrísù, àwọn méjèèjì ló gbé ìtàn náà rù. Olú òṣèré nìyẹn, òun ni wọ́n sì kà á sí ní 2021.

Àṣàkẹ́
Ó ti yé mi wàyí. Èwo ni kí n kọ́kọ́ wò?

Ìyá_Ìran
Apá kan nínú Vera sáà kìíní. Ẹ pa ohùn rẹ̀. Ẹ wá máa ka iye ìgbà tí kámẹ́rà yí sí Holly nígbà tí Vera ló ń sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn náà kẹ́ ẹ ṣe bákan náà fún Gloria.