Ẹgbẹ́ òpìtàn onídán: báwo ni wọ́n ṣe lè ṣàṣìṣe láìpurọ́?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin òǹkọ̀wé. Nínú ayé àfinúrò tí mo ń kọ ìtàn lé lórí, ẹgbẹ́ òpìtàn kan wà tí wọ́n ń fọwọ́ kan nǹkan àtijọ́, ìbáà ṣe idà tàbí ìkòkò, tí ohun tó ṣẹlẹ̀ níwájú nǹkan náà yóò sì hàn sí wọn. Ìṣòro ibẹ̀ ni pé kò sí àríyànjiyàn mọ́: ẹjọ́ ilẹ̀, ìjà orí ìtẹ́, ìpànìyàn, gbogbo rẹ̀ á parí lójú ẹsẹ̀.

Mo kọ́kọ́ rò ó pé kí agbára náà má kọjá 100 ọdún sẹ́yìn, ṣùgbọ́n ọ̀ràn àná ṣì wà ní gbangba. Mo tún rò ó pé kí òpìtàn pàdánù ìrántí tirẹ̀ kan fún ìran kọ̀ọ̀kan tó bá rí. Èyí wù mí gan-an, àmọ́ ọba olówó á kàn máa lo àwọn ọ̀dọ́ òpìtàn dànù ni.

Èyí tí mo fara mọ́ jù ni pé nǹkan náà kì í gbọ́ ohùn, ibi tó wà nìkan ló sì ń rí. Idà tó wà nínú àkọ̀ kò rí nǹkan kan. Òpìtàn méjì á wò ó, kálukú á kọ tirẹ̀ sílẹ̀ kí wọ́n tó fi wéra. Síbẹ̀, ẹni tó bá kó nǹkan mẹ́wàá jọ láti inú yàrá kan náà á rí òtítọ́ délẹ̀.

Òfin wo ni mo lè fi kún èyí, tí àwọn òpìtàn olóòótọ́ yóò fi lè ṣì í?

Ẹ má bínú pé ó gùn díẹ̀. Mo dúpẹ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ gbogbo ẹni tó bá dáhùn.