Etí tó ń ṣọyún: ṣé H66.3 ni àbí H66.3X1?

Ọmọ Ìkọ́ṣẹ́
Ẹ káàsán o, ẹ̀yin àgbà iṣẹ́. Mo ń ṣe IT ní ẹ̀ka rẹ́kọ́ọ̀dù ilé ìwòsàn ìjọba kan, ìdí kóòdù, nọ́ńbà tá a fi ń dúró fún orúkọ àìsàn, ni wọ́n sì fi mí sí. Fódà àwọn tó wá rí dókítà etí ló kún iwájú mi. Ọ̀kan jẹ́ ti ọmọ ọdún mẹ́fà tí etí ọ̀tún rẹ̀ ń ṣọyún. "CSOM (R)" ni dókítà kọ, ìyẹn chronic suppurative otitis media: àárín etí ọ̀tún tó ti ń ṣọyún tipẹ́. Google ní H66.3X1, ìwé tó wà lọ́fíìsì ní H66.3. Ọ̀gá mi ní kò sí ohun tó ń jẹ́ X nínú kóòdù etí, kí n yé fi fóònù ṣiṣẹ́.

Òmíràn tún wà tí wọ́n kọ "COM" (chronic otitis media) lásán sí, òmíràn "?ASOM" (acute suppurative otitis media, tí kò dá dókítà lójú), òmíràn "ear discharge" (etí tó ń ṣomi), kò sí nǹkan mìíràn níbẹ̀. Àwọn tá a jọ ń ṣe IT ní kí n da gbogbo rẹ̀ sí H66.9, kóòdù àìsàn àárín etí tí wọn ò ṣàlàyé, kò sẹ́ni tó máa bi mí. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe é?

Màmá Rẹ́kọ́ọ̀dù
Káàsán, ọmọ mi. Ọ̀gá rẹ ló jàre. ICD-10, ìwé kóòdù àìsàn ti Àjọ Ìlera Àgbáyé, ni ìwé tó wà lọ́fíìsì yín. Nínú orí etí, H60 dé H95, lẹ́tà kan àti nọ́ńbà mẹ́ta ni kóòdù ibẹ̀ ń gùn mọ. Kò bìkítà bóyá etí ọ̀tún ni tàbí tòsì. Èyí tí Google gbé fún ọ ni ICD-10-CM, tí Amẹ́ríkà tún ṣe fún ìlò ara wọn. Fi í sílẹ̀ fún wọn.

Wàyí o, wo lẹ́tà S inú CSOM dáadáa. S yẹn ló ń sọ pé ọyún wà. CSOM láìsí àlàyé kankan, H66.3. Bí dókítà bá fi tubotympanic (irú tó mọ sí ihò àárín etí) kún un, ó di H66.1. Bó bá jẹ́ atticoantral (irú tó wà lókè àárín etí), H66.2, èyí sì ni wọ́n ń bẹ̀rù jù, torí ó lè jẹ egungun. Ṣùgbọ́n COM tí kò ní S, H66.9 ni ìwé fúnra rẹ̀ fi sí. Bákan náà ni AOM, acute otitis media, èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. ASOM, èyí tó ní ọyún, ni H66.0. O lè fojú ara rẹ rí ọmọ náà ní kọ́rídọ̀ kí ọyún máa ṣàn dé ọrùn rẹ̀, kò kàn ọ́. Ohun tí dókítà kọ lo máa fi kóòdù. Bí kò bá yé ọ, gbé fódà padà fún un kó parí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Wọ́n á pariwo mọ́ ọ, àwọn ọmọdé dókítà ló máa ń pariwo jù, àmọ́ wọ́n á kọ ọ́.

Má sì bẹ̀rẹ̀ láti Volume 1, ibi tí wọ́n to kóòdù sí. Volume 3, atọ́ka ọ̀rọ̀, ni kó o kọ́kọ́ ṣí, wá "Otitis", sọ̀ kalẹ̀ sí "media", kó o tó gbé nọ́ńbà tó o rí lọ sí Volume 1 láti ka ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀. Àwọn tó ń fo ìyẹn kì í rí "Excludes", ohun tí kò sí lábẹ́ kóòdù náà. "Ear discharge" rẹ yẹn, H92.1 ni, àmì àìsàn lásán, kì í ṣe àìsàn. Ka abẹ́ rẹ̀: bó bá jẹ́ omi ọpọlọ ló ń gba etí jáde, G96.0 ni, ọ̀rọ̀ ti kúrò ní ti etí.

Ní ti "?ASOM", kọ́kọ́ wo ìwé tí wọ́n kọ nígbà tó padà wá. Bí kò bá sí àlàyé kankan níbì kankan, Volume 2, ìwé ìlànà, ní kó o kóòdù rẹ̀ bí ẹni pé ó dájú: H66.0.

Àwọn ẹgbẹ́ rẹ tó ní kò sẹ́ni tó máa bi ọ́ ńkọ́? Lọ́jọ́ tí kọnsọ́tátì bá fẹ́ fódà gbogbo ọmọ tó ní CSOM fún iṣẹ́ ìwádìí, kóòdù la fi ń fà wọ́n yọ. Èyí tẹ́ ẹ ti dà sí ààtàn H66.9, ta ni yóò lọ ṣà á?

Ọmọ Ìbàdàn ní Houston
Ẹ kú iṣẹ́, Màmá. Kóòdù ni mò ń jẹ níbí, ẹ jẹ́ n bá àbúrò sọ ti X. Ó kàn ń di àyè mú ni, kí nọ́ńbà tó ń sọ etí lè bọ́ sí ipò keje… àní ipò kẹfà, ẹ má bínú, ilẹ̀ ti ṣú. 1 ni ọ̀tún, 2 ni òsì, 3 ni méjèèjì, 9 ni pé wọn ò sọ. Láti October 1, 2015 la ti wà lórí rẹ̀. Ṣáájú ìgbà yẹn 382.9, kóòdù àtijọ́, ti tó fún otitis media tí wọn ò ṣàlàyé. Bí ìlù etí bá ti lu, a tún ń fi H72 kún un.

Ibi tí tiwa ti yàtọ̀ pátápátá ni àmì ìbéèrè. Fún aláìsàn tó wá tó sì padà sílé lọ́jọ́ kan náà, a kì í kóòdù "?ASOM" rárá. Ohun tó gbé e wá la ń kọ: H92.11 bí etí ọ̀tún bá ń ṣomi, H92.01 bó bá ń dùn ún. Nítorí náà, àbúrò, bó o bá ń wo fídíò àwọn ará ibí láti kọ́ṣẹ́, mọ̀ pé òfin wọn lè ta ko ìwé tó wà níwájú rẹ.

Nọ́ọ̀sì Ìgbèríko
Ní hẹ́ẹ̀tì sẹ́ńtà tiwa, ṣáàtì IMCI, ìlànà ìtọ́jú àìsàn ọmọdé, la ń lò fún àwọn ọmọdé. Ọyún tí kò tíì pé ọjọ́ 14, acute. Tó bá ti pé 14 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, chronic. Bí ẹ̀yìn etí bá wú tó sì ń dun ọmọ bá a ti fọwọ́ kàn án, mastoiditis nìyẹn, àrùn ti wọ egungun ẹ̀yìn etí, ilé ìwòsàn ńlá kíá. Ìyá ọmọ kì í sábà ka ọjọ́ o. "Ó ti pẹ́" ni wọ́n máa ń sọ. Èmi máa ń bi wọ́n pé ṣé ó ti bẹ̀rẹ̀ kí ọjà tó ná kẹ́yìn. Ibẹ̀ ni wọ́n tún ti máa ń jẹ́wọ́ àdí tí wọ́n ti rọ sí i.

Màmá Rẹ́kọ́ọ̀dù
Ó dáa, nọ́ọ̀sì. Ṣùgbọ́n kí ọmọ yìí má lọ ka ọjọ́ fúnra rẹ̀ kó wá sọ COM di CSOM o.

Ọmọ Ìkọ́ṣẹ́
Ẹ ṣé gan-an, mà. Mo gbé fódà COM padà. Dókítà wò mí látòkè délẹ̀, ó fi S sí i, ó tún kọ "tubotympanic" síwájú. H66.1. Ẹ dákun, ọ̀kan ló kù: ọmọ tí èéyi mú, tí etí rẹ̀ wá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọyún láàárín rẹ̀. Ṣé èéyi ni kí n kọ ni àbí etí?

Màmá Rẹ́kọ́ọ̀dù
Méjèèjì. B05.3, ti èéyi, pẹ̀lú àmì àgbélébùú kékeré ló ṣáájú, H67.1, ti etí, pẹ̀lú àmì ìràwọ̀ tẹ̀ lé e. Kóòdù oníràwọ̀ kì í dá dúró láé. Bó o bá rí i lóun nìkan nínú fódà ẹnikẹ́ni, dá a padà fún ẹni tó kọ ọ́.